Ẹ̀jẹ̀ Kì í Jẹ́rìí ní Kóòtù

Ọ̀pọ̀ nínú wa ló gbà pé bí ọkọ̀ bá ti ṣe ènìyàn léṣe, owó gbà-máà-bínú ti délẹ̀ nìyẹn, ó ku kí lọ́yà lọ gbà á wá. Irọ́ ni o! Ohun tí adájọ́ ń bèèrè ni pé, kí ni onímọ́tò ṣe tí kò yẹ kó ṣe, tàbí kí ló yẹ kó ṣe tí kò ṣe? Òun ni àìbìkítà. Ẹni tó bá sì sọ pé ó wà, òun náà ni yóò fi hàn. Bẹ́ẹ̀ ni Òfin Ẹ̀rí ilẹ̀ wa ti ọdún 2011 wí.

Ọ̀rọ̀ àna mi, ọkọ àbúrò mi, ló là mí lójú. Ó ń ti Ifẹ̀ bọ̀ wá sí Ìbàdàn lóru, ó lọ kọ lu tírélà kan tó kú sójú títì. Kò sí iná lẹ́yìn rẹ̀, kò sí àmì kankan, ewé tútù tí àwọn awakọ̀ máa ń já sílẹ̀ gan-an, wọn ò já a. Bí ẹsẹ̀ ọ̀tún ṣe lọ nìyẹn. Ilẹ̀ kò tíì mọ́ tán tí wọ́n fi wọ́ tírélà kúrò níbẹ̀.

Lọ́jọ́ kẹta, olówó ọkọ̀ kó àwọn àgbààgbà wá sí ọsibítù, wọ́n dọ̀bálẹ̀ gbalaja. Wọ́n ní àmúwá Ọlọ́run ni, wọ́n tún ní iṣẹ́ èṣù ni. (Mi ò mọ èwo nínú méjèèjì ni wọ́n fẹ́ kí á mú.) Wọ́n mú owó díẹ̀ wá, àti ìwé kan tó ní ọ̀rọ̀ ti parí, kí àbúrò mi fọwọ́ sí i. Mo ní, "Àǹtí, fi bírò yẹn sílẹ̀ ná."

Nígbà tí a dé kóòtù, àmúwá Ọlọ́run di eré àsápajúdé. Dẹ́rẹ́bà ní òun tan iná, ọkọ̀ òun kò tíì kú ju ìṣẹ́jú márùn-ún lọ, àna mi ló ń sùn lórí ìjókòó. Àna mi kò sì lè já a nírọ́, torí orí bẹ́ẹ̀dì ọsibítù ló ti lajú. Ọlọ́pàá ya àwòrán ojú títì lóòótọ́, ṣùgbọ́n ọ̀sán ọjọ́ kejì ni wọ́n yà á, ibi tí dẹ́rẹ́bà sì nàka sí ni wọ́n fi tírélà sí. Àwọn VIO kọ ọ́ pé iná ẹ̀yìn ń ṣiṣẹ́. Ọ̀sẹ̀ kejì ni wọ́n yẹ̀ ẹ́ wò. Ṣé gílóòbù wọ́n lọ́jà ni?

Mo bi lọ́yà wa pé ṣé ọ̀rọ̀ náà kò hàn fúnra rẹ̀ ni. Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní irú ẹ̀ wà: lọ́dún 1863, kóòtù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì dá ẹjọ́ ọkùnrin kan tí àgbá ìyẹ̀fun já lù láti ojú fèrèsé ilé ìtajà kan ní Liverpool, wọ́n ní àgbá kì í ṣàdédé já bọ́ bí ẹnì kan kò bá ṣe àìbìkítà. Àwọn adájọ́ tiwa náà ń lò ó. "Ṣùgbọ́n ọkọ̀ méjì ló kọ lura níhìn-ín, Ẹ̀gbọ́n. Ọ̀kan dúró, ọ̀kan ń sáré. Ta ni ọ̀rọ̀ ń bá wí?"

Bàbá kan tó ń lẹ táyà lẹ́bàá títì ló gbà wá. Ó jẹ́rìí pé láti ọ̀sán ni tírélà ti wà níbẹ̀, òun sì sọ fún dẹ́rẹ́bà pé kó já ewé, ó dá òun lóhùn pé òun kì í ṣe àgbẹ̀. Ọ̀sẹ̀ kìn-ín-ní ni àbúrò mi ti wá a kàn, tí lọ́yà kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ sílẹ̀. Kí ọdún tó yí po, wọ́n ti wó àtíbàbà rẹ̀. Ibo là bá ti rí i? Bó bá sì jẹ́ ọkọ̀ ìjọba ni, tí òṣìṣẹ́ ọba ń wà á lẹ́nu iṣẹ́, oṣù mẹ́ta péré ni òfin fún ni láti pẹjọ́. Oṣù mẹ́ta! Ẹlòmíràn kò tíì bọ́ nínú POP nígbà náà.

Ọdún mẹ́rin ni ẹjọ́ wa gbà. Adájọ́ gba bàbá táyà gbọ́, ó ní olówó ọkọ̀ ni yóò san án, torí iṣẹ́ rẹ̀ ni dẹ́rẹ́bà ń bá lọ. Ṣùgbọ́n ó yọ ìdá kan nínú mẹ́rin kúrò, ó ní iná iwájú ọkọ̀ àna mi ìbá ti fi tírélà hàn án bí eré rẹ̀ bá mọ níwọ̀n. Inú ń bí àbúrò mi sí ìyẹn títí di òní. Èmi ò bá adájọ́ jà.