Ará wa tó ń ṣílẹ̀kùn nínú fíìmù



Nígbà tí a wà ní kékeré ní Glazoué níbí, ilé ẹni tó bá ní tẹlifíṣọ̀n la máa ń kó ara wa jọ sí lálẹ́. Bí fíìmù òyìnbó bá ń lọ lọ́wọ́, tí aláwọ̀ dúdú kan bá ṣàdédé yọ, gbogbo wa á pariwo pé, "Ará wa rèé!" Kí ariwo náà tó rọlẹ̀, ó ti ṣílẹ̀kùn fún ọ̀gá rẹ̀, ó ti bá tiẹ̀ lọ. Bí orúkọ àwọn òṣèré bá wá ń kọjá níparí, a ti dìde.

Ọ̀kan nínú irú wọn la fẹ́ sọ lónìí. Ọdún 1892 ni wọ́n bí M'bebe Mpessa ní Douala, nígbà tí Kamẹrúùnù wà lábẹ́ Jámánì. Abẹ́ Jámánì yìí kan náà ni àwọn ará wa ní Atakpamé wà nígbà kan rí. Ó kọjá sí Jámánì, ó ń jẹ́ Louis Brody níbẹ̀. Ó ja ìjàkadì, ó kọrin, ó jó, ó sì wọ inú fíìmù. Lọ́dún 1921, ó wà nínú Der müde Tod tí Fritz Lang ṣe. Ìránṣẹ́, ẹ̀ṣọ́, olóyè ilẹ̀ òkèèrè: irú ipa tí wọ́n ń fún un nìyẹn.

Fíìmù ìgbà náà kò ní ohùn, ṣùgbọ́n òun ní ohùn. Lọ́dún 1921 yẹn kan náà, ó kọ̀wé sínú ìwé ìròyìn kan ní Berlin lórúkọ ẹgbẹ́ àwọn ọmọ Áfíríkà, ó bẹnu àtẹ́ lu ìyà tí wọ́n fi ń jẹ aláwọ̀ dúdú.

Hitler gbàjọba lọ́dún 1933. Ọ̀nà iṣẹ́ dí mọ́ aláwọ̀ dúdú, fíìmù wà lára ìwọ̀nba tó ṣẹ́ kù. Bó ṣe wà nínú Ohm Krüger lọ́dún 1941 nìyẹn, àti Germanin lọ́dún 1943, àwọn fíìmù tí ìjọba yẹn fi ń polongo ara rẹ̀.

Nígbà tí a sọ ìtàn yìí láàárín ara wa, ó dìjà. Àwọn kan ní ó ta ara rẹ̀. Àwọn kan ní ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́. Àgbà kan wá bi wá pé ṣé a mọ iṣẹ́ tí àwọn ọmọ wa ń ṣe ní Cotonou, ní Èkó àti ní Paris, tí wọn kò lè dárúkọ rẹ̀ fún ìyá wọn, tí a sì ń fi owó rẹ̀ kọ́lé níbí. Kò sẹ́ni tó dáhùn. Ẹ̀yin ńkọ́, kí lẹ rí sí i?

Ọdún 1951 ló kú ní Berlin. Ní tiwa, a kì í tètè dìde nídìí fíìmù mọ́. A máa ń dúró de orúkọ.