Ọwọ́ Tó Ń Fa Omi

Katara bọ́ ìbọ̀wọ́ rẹ̀, ó na ọwọ́ sórí òkun tútù ní ìpẹ̀kun gúúsù ayé, ó ń mì ín lọ, ó ń mì ín bọ̀. Kò pẹ́, omi ṣù róbótó, ó gbéra lójú òkun, ẹja kan sì ń lúwẹ̀ẹ́ nínú rẹ̀. Sokka ẹ̀gbọ́n rẹ̀ jókòó sínú ọkọ̀ kan náà, ó ń fi ọ̀kọ̀ ṣọ́ ẹja tirẹ̀, kò tilẹ̀ bojú wẹ̀yìn. Bó ṣe gbé ọ̀kọ̀ sókè báyìí, ó gún ìṣù omi náà, omi dà lé e lórí, ẹja lọ. Inú bí i, ó ní idán pípa ọmọ yìí ti sú òun. Ọmọbìnrin ọdún 14 náà ní idán kọ́, iṣẹ́ ìran àwọn ni.

Báyìí ni iṣẹ́ dídarí omi ṣe kọ́kọ́ hàn nínú Avatar: The Last Airbender, eré kàtúùnù tí Michael Dante DiMartino àti Bryan Konietzko dá sílẹ̀, tó bẹ̀rẹ̀ lórí Nickelodeon ní oṣù Kejì ọdún 2005. Ẹ̀yìn Katara ni mo wà. Kò sí ọfọ̀ nínú iṣẹ́ yìí, kò sí ẹbọ, kò sí òrùka oògùn. Yorùbá tó bá ń wò ó lè máa rántí Ọ̀ṣun tó ń fi omi tútù wo ọmọ, ṣùgbọ́n ẹni tó ń ké pe Ọ̀ṣun, ẹ̀bẹ̀ ló ń bẹ̀. Katara kò bẹ ẹnikẹ́ni. Ara rẹ̀ ló fi ń ṣe é, ara náà sì gbọ́dọ̀ kọ́ṣẹ́.

Ẹ wo ẹsẹ̀ àwọn adaríomi. Tai Chi ilẹ̀ Ṣáínà ni àwọn tó ṣe eré náà fi ṣe ìpìlẹ̀ ìṣọwọ́rìn adaríomi, Sifu Kisu, olùkọ́ ìjà, ló sì ń tọ́ wọn sọ́nà. Orúnkún á tẹ̀ díẹ̀. Ìwúwo ara á máa ti orí ẹsẹ̀ kan bọ́ sórí èkejì. Apá kì í gan, kì í sì í dúró. Ẹni tó ń darí iná a máa ta ẹ̀ṣẹ́, ẹni tó ń darí ilẹ̀ a máa fẹsẹ̀ kilẹ̀. Adaríomi ní tirẹ̀, ohun tí ọ̀tá bá jù ni yóò gbà, yóò yí i po, yóò sì dá a padà fún ẹni tó ni ín. Láàárín ìyípo yẹn ni omi ti ń di pàṣán, tó ń di ògiri, tó ń di yìnyín ẹlẹ́nu ṣóńṣó, tàbí kùrukùru tí èèyàn lè gba inú rẹ̀ sá lọ. Kì í ṣe ọjọ́ kan ni Katara mọ pàṣán náà ná. Inú ìwé kíká tó jí lọ́wọ́ àwọn olè orí òkun ló ti rí i, Aang, ọmọ ọdún 12 tó jẹ́ Avatar inú àkọlé eré náà, sì ti mọ̀ ọ́n ná níṣojú rẹ̀ nígbà tí tirẹ̀ ṣì ń padà wá gbá a níwájú orí. Mo fẹ́ràn ibẹ̀ gan-an, torí ìlara rẹ̀ hàn kedere.

Àwọn ẹ̀yà Omi gbà pé òṣùpá ni olùkọ́ àkọ́kọ́. Àwọn baba ńlá wọn wo bó ṣe ń fa òkun, tó tún ń tì í, wọ́n sì kọ́ ọ. Ìdí nìyẹn tí agbára wọn fi ń pọ̀ lóru, tó sì máa ń ga jù lọ nígbà tí òṣùpá bá yọ róbótó. Nínú ìlú ẹ̀yà Omi ti Àríwá, ìlú tí wọ́n fi yìnyín mọ, adágún kékeré kan wà tí koríko tútù yí ká. Ẹja méjì, Tui funfun àti La dúdú, ń yí ara wọn po níbẹ̀ láìsinmi. Òṣùpá àti òkun ló gbé àwọ̀ ẹja wọ̀. Nígbà tí Zhao, ọ̀gágun Orílẹ̀-èdè Iná tó ń gbógun ti ìlú náà, pa Tui, òṣùpá kú lójú ọ̀run, àwọn adaríomi sì di ẹni tó ń ju apá lásán lójú ogun, títí Yue, ọmọ olórí ìlú, fi ẹ̀mí tirẹ̀ dípò. Agbára tó ní ibi tó ti ń parí báyìí ni mo lè gbà gbọ́. Bí omi kò bá sí nítòsí, ọwọ́ ṣófo. Katara kì í jáde láìso ìgò awọ mọ́ ìbàdí.

Ìlú yìnyín náà ní òmùgọ̀ tirẹ̀. Ọkùnrin nìkan ni Ọ̀gá Pakku ń kọ́ ní ìjà. Ọmọbìnrin tó bá ní ẹ̀bùn, ọ̀dọ̀ Yugoda ni wọ́n ń rán an lọ láti kọ́ ìwòsàn. Katara, tó rìn láti gúúsù dé àríwá nítorí ẹ̀kọ́ yìí, pe bàbá náà níjà. Pakku borí. Ṣùgbọ́n ẹ̀gbà ọrùn ọmọ náà já bọ́, Pakku sì dá a mọ̀: òun ló gbẹ́ ẹ fún Kanna, àfẹ́sọ́nà rẹ̀ àtijọ́ tó sá fún àṣà ìlú náà, tó wá di ìyá bàbá Katara. Ìgbà náà ló tó gbà láti kọ́ ọ.

Ìwòsàn tí wọ́n kà sí iṣẹ́ kékeré yìí, Katara ti fúnra rẹ̀ ṣalábàápàdé rẹ̀. Aang ń fi iná ṣeré, iná jó Katara lọ́wọ́, Katara ki ọwọ́ bọ odò, omi tàn yòò, ojú iná sì pòórá. Láti ìgbà náà, bí ẹnì kan bá fara pa, á fi omi bo ọwọ́ bí ìbọ̀wọ́, á gbé e lé ojú ọgbẹ́, ìmọ́lẹ̀ búlúù á sì wọnú ẹran ara. Kí ló ń ṣe nínú ara? Omi tó wà níbẹ̀ náà ló ń bá sọ̀rọ̀.

Hama ló jẹ́ ká rí ẹ̀yìn ọ̀rọ̀ yẹn. Adaríomi ẹ̀yà Gúúsù ni òun náà, Orílẹ̀-èdè Iná kó o lẹ́rú, wọ́n tì í mọ́ inú àgò irin. Afẹ́fẹ́ gbígbẹ ni wọ́n ń fẹ́ sínú ẹ̀wọ̀n náà. Bí wọ́n bá fẹ́ fún un lómi mu, wọ́n á kọ́kọ́ dè é tọwọ́ tẹsẹ̀. Wọ́n rò pé àwọn ti pa ọ̀nà dé. Àmọ́ eku ń sáré kọjá lẹ́sẹ̀ rẹ̀, ó sì rò ó pé kí ni eku jẹ́ bí kì í ṣe awọ tó kún fún omi? Lálẹ́ òṣùpá àràn-mọ́jú, ó fi eku kọ́ṣẹ́. Nígbà tó mọ̀ ọ́n tán, ó gba inú ẹ̀jẹ̀ ẹ̀ṣọ́ kan mú un, ẹ̀ṣọ́ fọwọ́ ara rẹ̀ ṣílẹ̀kùn fún un.

Nígbà tí Katara pàdé rẹ̀, ó ti di ìyá arúgbó tó ní ilé àlejò. Ó kọ́ ọmọ náà bí a ṣe ń fa omi láti inú afẹ́fẹ́, ó tún fa ti inú òdòdó pupa pápá. Omi jáde dáadáa, òdòdó rọ, ó dúdú. Katara ṣàánú òdòdó. Lóru ọjọ́ náà, Hama fi Aang àti Sokka ṣe ọmọláńgidi, ó ń tì wọ́n lu ara wọn, Katara sì ní láti fi dídarí ẹ̀jẹ̀ dá Hama dúró. Inú Hama dùn, ó ní iṣẹ́ òun ti délẹ̀. Katara bú sẹ́kún.

Lójú tèmi, ọwọ́ tó ń wo ọgbẹ́ àti ọwọ́ tó ń darí ẹ̀jẹ̀, ọ̀nà kan náà ni wọ́n gbà wọlé. Pakku pín iṣẹ́ náà sí méjì, ó fún obìnrin ní èyí tó rò pé kò lè ṣeni léṣe, láìmọ̀ pé òun gan-an ló jinlẹ̀ jù. Nínú The Legend of Korra tó tẹ̀lé e láàárín 2012 sí 2014, òfin ti de dídarí ẹ̀jẹ̀, síbẹ̀ Yakone ń ṣe é lọ́sàn-án gangan láìdúró de òṣùpá, ó sì fi kọ́ àwọn ọmọ rẹ̀ méjèèjì. Ọ̀kan nínú wọn, Amon, á gbé àtàǹpàkò lé iwájú orí èèyàn jẹ́ẹ́jẹ́ bí oníṣègùn, agbára onítọ̀hún á sì di.

Katara ti darúgbó nígbà yẹn, ìwòsàn ló ń ṣe ní gúúsù. Ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni wọ́n gbé Korra, akọni eré kejì yìí, wá nígbà tí májèlé irin olómi sọ ọ́ di arọ. Ó tẹ́ ẹ sínú omi, ó ń fi ọwọ́ tọ́ omi náà yí i ká, díẹ̀díẹ̀ ni ẹsẹ̀ ọmọ náà bẹ̀rẹ̀ sí í gbé ilẹ̀. Irin tó kù nínú ara rẹ̀ kò gbọ́ ti omi. Toph, adaríilẹ̀ tó mọ irin darí, ló rí i, Korra fúnra rẹ̀ ló sì fà á jáde.