Ilé Tí A Kọ́ fún Ẹranko

Àwọn òbí kan ní Ọ̀tà níbí máa ń sọ fún àwa olùkọ́ ilé-kéwú pé ẹ̀ṣẹ̀ ni kíkó ọmọ lọ wo ọgbà ẹranko, pé túbú ni. Bẹ́ẹ̀ ọmọ Sàngó, tó jẹ́ èéfín iléeṣẹ́ àti fèrè tírélà ló ń jí bá, kò rí ẹran ìgbẹ́ rí àfi èyí tí wọ́n ti pa.

Abú Umayr, àbúrò Anas, ní ẹyẹ kékeré kan tó fi ń ṣeré. Ànábì wa (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a) kò bá a wí. Nígbà tí ẹyẹ náà kú, ẹ̀fẹ̀ ló fi tù ú nínú. Ibẹ̀ ni àwọn onímọ̀ ti mú un pé a lè fi ẹyẹ sínú àgò bí a bá ń tọ́jú rẹ̀. Ṣùgbọ́n obìnrin tó ti ológbò mọ́lé, tí kò bọ́ ọ, tí kò sì jẹ́ kó wá oúnjẹ fúnra rẹ̀, iná ló wọ̀.

Ilé ẹranko náà gan-an ló yẹ ká wò. Ní 1907, ní Hamburg ní Jámánì, Carl Hagenbeck fi kòtò jíjìn rọ́pò irin láàárín kìnnìún àti òǹwòran. Ti Yunifásítì Ìbàdàn, ẹ̀kọ́ ni wọ́n torí ẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ní 1948, kí ó tó di ibi ìgbafẹ́. Ní Ifẹ̀, ní February 2024, kìnnìún pa olùtọ́jú tó ti ń bọ́ ọ láti kékeré. Wọ́n ní ilẹ̀kùn ni kò tì.

Ọgbà ẹranko wà ní Yunifásítì iṣẹ́ àgbẹ̀ ní Abẹ́òkúta, nínú ìpínlẹ̀ wa. Ẹni tó bá mú ọmọ lọ, kó kọ́kọ́ fi omi mímu, ibòji àti ilẹ̀kùn hàn án.