Aba Ni Wọ́n Bí I Sí

 

Gbogbo àwa tí à ń gbé Ardwick la mọ Apollo. Ẹ̀yin ọmọ, orin lẹ mọ̀ ọ́n mọ́, ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n ṣí i ní 1938, sinimá àti eré orí ìtàgé ni wọ́n ṣí i fún. Irú gbọ̀ngàn ńlá bẹ́ẹ̀ ni bàbá wa kó wa lọ ní Ìgànmú, l'Ékòó, nígbà tí mo wà ní kékeré, láti lọ wo Bàbá Sàlá nínú fíìmù Ọ̀run Móoru. A rẹ́rìn-ín títí omi fi ń bọ́ lójú wa. Bàbá Sàlá nìkan la mọ̀. A ò bèèrè ẹni tó wà lẹ́yìn kámẹ́rà.

Ọlá Balógun lorúkọ ẹni náà. Iṣẹ́ kó kọ ìtàn fíìmù, kó sì darí rẹ̀, ló yàn láàyò. Ọdún 1945 ni wọ́n bí i, àmọ́ wọn ò bí i sí Ìbàdàn, wọn ò bí i sí Abẹ́òkúta. Ìlú Aba, ní ilẹ̀ Ìgbò, ni àwọn òbí rẹ̀ tí wọ́n jẹ́ Yorùbá bí i sí. Nígbà tó dàgbà, ó kàwé ní Dakar, ó lọ sí Caen ní ilẹ̀ Faransé, ó sì wọ ilé-ẹ̀kọ́ fíìmù IDHEC ní Paris. Èdè Faransé ni wọ́n fi ń kọ́ni ní gbogbo ibẹ̀. Nígbà tó ṣe fíìmù Amadi ní 1975, èdè Ìgbò ni wọ́n sọ nínú rẹ̀.

Ẹ wá wo iṣẹ́ Olúwa! Ní 1976, ọkùnrin yìí kan náà ló gbé Àjàní Ògún jáde, èyí tí wọ́n kà sí fíìmù gígùn àkọ́kọ́ ní èdè Yorùbá.

Mo ní ìdí tí mo fi ń sọ ọ́. Àbíkẹ́yìn mi, ọmọ ọdún mọ́kànlá, Manchester níbí la bí i sí. A lọ síbi ìsọmọlórúkọ kan, ó fẹ́ sọ fún àwọn àgbà pé ọkọ̀ mọ́mì òun wà níta. "Ọkọ mọ́mì mi" ló jáde lẹ́nu rẹ̀, bẹ́ẹ̀ bàbá rẹ̀ jókòó sínú ilé! Gbogbo èèyàn bú sẹ́rìn-ín. Wọn ò ní in ní ibi lọ́kàn, àmọ́ láti ọjọ́ náà, bí mo bá sọ Yorùbá sí i, Òyìnbó ló fi ń dá mi lóhùn. Nígbà tó yá, ó ní Yorùbá kì í ṣe èdè òun, ṣebí ibí ni wọ́n bí òun sí.

Mi ò bá a jà. Mo jókòó tì í, mo sọ fún un pé Aba ni wọ́n bí Ọlá Balógun sí. Ó ronú díẹ̀, ó ní, "Ta ló wá ràn án lọ́wọ́?"

Ẹ gbọ́ ìbéèrè ọmọdé! Àgbájọ ọwọ́ la fi ń sọ̀yà. Ẹni tí Yorùbá dùn lẹ́nu rẹ̀ ni Ọlá Balógun ń wá lọ. Adéyẹmí Afọláyan, tí a mọ̀ sí Adé Love, ló ṣe Àjàní Ògún fún un, Dúró Ládiípọ̀ náà sì wà níbẹ̀. Ní 1979, ó sọ ìwé Adébáyọ̀ Fálétí, Ọmọ Olókùn Ẹṣin, di fíìmù Ìjà Òmìnira. Lọ́dún yẹn kan náà, òun àti Hubert Ògúndé ṣe Ayé. Ọ̀run Móoru tẹ̀ lé e ní 1982. Àwọn àgbà yìí ní èdè, wọ́n ní ìtàn, wọ́n ní orin. Òun ní ìmọ̀ kámẹ́rà. Wọ́n jọ da iṣẹ́ pọ̀, ó sì dára.

Èso rẹ̀ kò tíì tán. Ọmọ Adé Love ni Kúnlé Afọláyan, tó ṣe Aníkúlápó ní 2022, èyí tí púpọ̀ nínú yín wò lórí Netflix.

Nítorí náà, ẹ̀yin àgbà, mo bẹ̀ yín. Bí ọmọ bá ṣi ohùn sọ, ẹ sọ èyí tó tọ́ fún un wẹ́rẹ́, kí ọ̀rọ̀ máa lọ. Ẹ̀rín wa lè má tó nǹkan lójú wa, ṣùgbọ́n ó lè pa ọmọ lẹ́nu mọ́ títí ayé. Ẹ̀yin ọmọ, ẹ máa bèèrè lọ́wọ́ wa, ẹ má tijú. Kámẹ́rà wà nínú fóònù yín báyìí. Ẹ wá gba ìtàn lẹ́nu wa nígbà tí a ṣì wà láyé.

Ọlọ́run yóò dá àwọn ọmọ wa sí o. Àṣẹ.

Èmi ni, ìyá ọlọ́mọ mẹ́ta, ní Ardwick.