Murakami Ọlọ́wọ́ Òsì

Láti ìgbà tí ìwé bàbá mi ti tẹ̀ mí lọ́wọ́ ni ọ̀rọ̀ ará Japan kan, Masanori Murakami, kò ti kúrò lọ́kàn mi.

Ní ọdún 1964 ni ẹgbẹ́ Nankai Hawks rán an lọ sí Amẹ́ríkà, kí ó lọ kọ́ bésíbọ́ọ̀lù sí i lọ́dọ̀ ẹgbẹ́ San Francisco Giants. Fresno ni wọ́n kọ́kọ́ fi í sí. Nígbà tí ó di ọjọ́ kìíní oṣù kẹsàn-án, wọ́n pè é sójú pápá ní New York. Ọmọ ogún ọdún ni. Kò sí ará Japan kan tí ó tíì ṣeré nínú líìgì àgbà wọn rí. Ọwọ́ òsì ni ó sì fi ń ju bọ́ọ̀lù, ọwọ́ tí ìyá mi máa ń gbá bí mo bá fi gba nǹkan lọ́wọ́ àgbà!

Ìjà dé. Giants ní àwọn ti ra á. Hawks ní ẹ̀kọ́ ni àwọn rán an lọ kọ́. Wọ́n parí rẹ̀ sí pé kí ó ṣeré ní 1965, kí ó sì máa bọ̀ nílé. Ó padà lóòótọ́. Ó di 1995 kí Hideo Nomo tó dé ibẹ̀.

Ilé-ẹ̀kọ́ kan ní Jámánì ní kí n wá kàwé sí i. Bàbá mi, ẹni tí ó ta ilẹ̀ kí n lè kàwé, ní kí n máa bọ̀ nílé. Èsì méjì ni mo ti kọ. Méjèèjì ṣì wà lábẹ́ ìrọ̀rí mi.