Ìlà Tí Mo Fi Dí Ọ̀nà Ara Mi

Ọ̀rọ̀ eré ọmọdé ni mo fẹ́ bá yín sọ lóṣù yìí. Ẹ má ṣe fi mí rẹ́rìn-ín, nítorí èmi náà ti fi eré yìí rẹ́rìn-ín rí kí ó tó kọ́ mi lọ́gbọ́n.

Ìlú Lọ́ńdọ̀nù ni èmi àti baálé mi ń gbé pẹ̀lú ọmọ wa méjì, ọkùnrin ọmọ ọdún 11 àti obìnrin ọmọ ọdún 8. Iṣẹ́ ìtọ́jú àwọn arúgbó ni mo ń ṣe. Baálé mi ń wa bọ́ọ̀sì lóru. Bí mo bá ti ń wọlé ní ìrọ̀lẹ́ ni òun ń jáde. Fún bí oṣù mẹ́ta, ọ̀rọ̀ tí ń kọjá láàárín wa kò ju "Ọbẹ̀ wà nínú fìríìjì" àti "Owó iná ti dé" lọ. A kò jà. Ṣùgbọ́n ilé tí a kò ti jà, tí a kò sì ti sọ̀rọ̀, òtútù inú rẹ̀ a máa ju ti ìta lọ. Síbẹ̀, mo tún gba iṣẹ́ ọjọ́ Àìkú kún un, nítorí à ń tu owó jọ láti ra ilẹ̀ sílé.

Nígbà tí ọmọbìnrin mi ṣe ọjọ́ ìbí, ọ̀rẹ́ wa kan fún un ní eré kan tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Next Station: London. Matthew Dunstan ni ó ṣe é, ó sì jáde ní ọdún 2022. Bébà tí a ya àwòrán ìlú Lọ́ńdọ̀nù sí, pẹ́ńsù aláwọ̀ mẹ́rin àti káàdì díẹ̀ ni ó wà nínú páálí rẹ̀. Ojoojúmọ́ ni ọmọ yìí ń bẹ̀ mí pé, "Mọ́mì, ẹ wá bá wa ṣe é." Ojoojúmọ́ ni mo sì ń dá a lóhùn pé, "Ó di ọ̀la."

Ní ọjọ́ Àìkú kan, wọ́n ránṣẹ́ pé kí n má wulẹ̀ wá sí ibi iṣẹ́. Baálé mi pẹ̀lú ń sinmi lọ́jọ́ náà. Àwọn ọmọ kò jẹ́ kí a mí. Àwa mẹ́rẹ̀ẹ̀rin jókòó yí tábìlì ká. Bí baálé mi ti ń fà àga, ó kí wa bí wọ́n ti ń kí àwọn tí ń ta ayò: "Mo kí ọ̀ta, mo kí ọ̀pẹ̀!" Mo dáhùn pé, "Ọ̀ta ń jẹ́, ọ̀pẹ̀ kò gbọdọ̀ fọhùn!" Àwa méjèèjì bú sẹ́rìn-ín. N kò rántí ìgbà tí a ti rẹ́rìn-ín pọ̀ gbẹ̀yìn.

Báyìí ni a ti ń ṣe eré náà. Olúkúlùkù ní bébà tirẹ̀ àti pẹ́ńsù aláwọ̀ kan. Àwọn ibùdókọ̀ orí bébà pín sí oríṣi mẹ́rin: róbótó, onígun mẹ́ta, onígun mẹ́rin àti onígun márùn-ún. A ó ṣí káàdì kan. Irú ibùdókọ̀ tí ó bá fi hàn ni olúkúlùkù yóò fa ojú irin rẹ̀ dé. Káàdì wọ̀nyí jẹ́ 11, 5 nínú wọn jẹ́ ti abẹ́ ilẹ̀. Nígbà tí ìkarùn-ún nínú ti abẹ́ ilẹ̀ bá jáde, ìpele kan parí. A ó wá gbé pẹ́ńsù wa fún ẹni tí ó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa, a ó sì fi àwọ̀ mìíràn bẹ̀rẹ̀ ìlà tuntun lórí bébà kan náà, títí ìpele mẹ́rin yóò fi pé. Òfin tí ó le jù ni pé ìlà kan kò gbọdọ̀ dábùú òmíràn, àfi ní ibùdókọ̀.

Èmi, bí mo ti rí ààyè, ńṣe ni mo na ìlà mi àkọ́kọ́ gba àárín gbùngbùn ìlú kọjá. Máàkì mi ju ti gbogbo wọn lọ, mo sì ń yangàn. Nígbà tí ó di ìpele kẹrin, ibi gbogbo tí mo kọjú sí, ìlà ara mi ni mo ń bá níbẹ̀. Káàdì ń jáde, n kò rí ibi gbà. Ọmọbìnrin mi na ọrùn wo bébà mi, ó ní, "Mọ́mì, ìlà yín gùn o, ṣùgbọ́n kò pàdé ìkankan."

Ìgbẹ̀yìn eré ni a ń ka àwọn ibùdókọ̀ tí ìlà ti pàdé. Ibi tí ìlà 2 bá ti pàdé ní máàkì 2. Ti ìlà 3 ní máàkì 5. Ti ìlà 4 ní máàkì 9. Ọmọ ọdún 8 ni ó borí wa. Èmi ni mo ṣe ìkẹyìn.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, bí mo ti ń lọ síbi iṣẹ́, mo dúró níwájú máàpù ọkọ̀ ojú irin abẹ́ ilẹ̀ tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ògiri. Harry Beck ni ó kọ́kọ́ ya irú rẹ̀ fún Lọ́ńdọ̀nù ní 1931. Wọ́n tẹ̀ ẹ́ fún ará ìlú ní 1933. Kò ka bí ibùdókọ̀ kan ti jìnnà sí èkejì sí. Ibi tí ènìyàn ti lè bọ́ sílẹ̀ nínú ọkọ̀ kan kí ó sì wọ òmíràn ni ó jẹ ẹ́ lógún. Mo wí nínú ara mi pé, ìwọ obìnrin yìí, ọ̀nà tí o rìn ni ò ń kà, o kò ka ibi tí ẹ ti ń pàdé.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, mo dá baálé mi dúró lẹ́nu ọ̀nà, mo sì sọ èrò mi fún un. Mo fi iṣẹ́ ọjọ́ Àìkú sílẹ̀. Ilẹ̀ tí a fẹ́ rà yóò pẹ́ sí i. Ó dùn mí, n kò ní purọ́ fún yín. Ṣùgbọ́n ní ọ̀sẹ̀ mélòó kan lẹ́yìn náà, bí a ti ń fa ìlà wa, baálé mi sọ̀rọ̀ láìgbé ojú sókè pé iṣẹ́ òru ti sú òun láti ọjọ́ pípẹ́. Inú ilé kan náà ni a jọ ń gbé. N kò mọ̀. Láti ọjọ́ náà ni a ti jọ ń wá iṣẹ́ ọ̀sán fún un.

Ẹ̀yin ìyàwó ilé, kò di ìgbà tí ẹ bá ra eré yìí. Ẹ ya àwọn ibùdókọ̀ sórí bébà fún olúkúlùkù, kí ẹ gé páálí sí káàdì, kí ẹ sì wá pẹ́ńsù aláwọ̀ mẹ́rin. Ẹni tí ó wà ní Èkó lè fi ọ̀sà sí ipò odò Thames; ará Òṣogbo lè fi odò Ọ̀ṣun sí i. Ẹ pe baálé yín jókòó, kí ẹ sì fetí sílẹ̀ dáadáa bí pẹ́ńsù ti ń lọ láti ọwọ́ dé ọwọ́. Ọ̀rọ̀ tí wọn kò rí àyè sọ fún yín láti ọjọ́ yìí lè jáde níbẹ̀.