Ohun Tí Ilé àti Oúnjẹ Ń Sọ ní Bouaké

Ọ̀pọ̀ ọmọ Nàìjíríà ni kò gbọ́ orúkọ Bouaké rí títí di ọjọ́ 7, oṣù kejì, ọdún 2024. Ọjọ́ yẹn ni Super Eagles fi pẹnáritì borí South Africa ní pápá ìṣeré ìlú náà, tí wọ́n sì wọ àṣekágbá ìdíje ife ẹ̀yẹ ilẹ̀ Áfíríkà. Àwọn tó wo eré náà lórí tẹlifíṣọ̀n rí pápá, wọ́n rí èrò, ṣùgbọ́n wọn ò rí ìlú. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, ilẹ̀ Côte d'Ivoire kì í ṣe àjèjì sí Yorùbá. Ó ti pẹ́ tí àwọn ọmọ Èjìgbò àti ọ̀pọ̀ ìlú mìíràn nílẹ̀ Yorùbá ti ń lọ ṣòwò níbẹ̀, tí wọ́n ń bímọ síbẹ̀, tí wọ́n sì ń darúgbó síbẹ̀. Ànàgó ni àwọn onílẹ̀ ń pè wọ́n.

Ọ̀kan lára wọn ni ìyá àgbà kan tí wọ́n bí sí Bouaké, tó ti lé ní ẹni àádọ́rin ọdún. Ará Èjìgbò ni bàbá rẹ̀. Nígbà tí àwọn ọmọ ọmọ rẹ̀ mẹ́ta wá lo ọlidé lọ́dọ̀ rẹ̀ láti Èkó, kò pẹ́ tó fi rí i pé bọ́ọ̀lù nìkan ni wọ́n mọ̀ mọ́ ìlú tí wọ́n ti bí ìyá wọn. Fóònù kì í kúrò lọ́wọ́ wọn. Bó bá gbé oúnjẹ síwájú wọn, wọ́n á béèrè bóyá núdù wà nílé.

Nǹkan mìíràn tún ń jẹ màmá yìí lọ́kàn. Onílé ti fi tó àwọn ayálégbé létí pé òun fẹ́ wó àgbàlá tí wọ́n bí màmá náà sí, kí òun lè kọ́ pẹ̀tẹ́ẹ̀sì síbẹ̀. Oṣù mẹ́ta péré ló fún wọn. Lálẹ́ ọjọ́ kan, màmá pe àwọn ọmọ náà jọ, ó ní: "Lọ́la, a ò ní dáná nílé yìí. Ẹsẹ̀ la máa fi wá oúnjẹ kiri. Ibi tá a bá sì ti jẹun, ẹ máa wo ilé tó wà níbẹ̀ dáadáa."

Àwọn kan wà láyé yìí tó jẹ́ pé irú ìrìn bẹ́ẹ̀ ni iṣẹ́ òòjọ́ wọn. Ní Barcelona, olú ìlú Catalonia nílẹ̀ Sípéènì, àwọn àlejò máa ń sanwó fún ẹni tó mọ ìlú kó lè mú wọn rin àdúgbò àtijọ́ já. Wọ́n á jẹ búrẹ́dì tí wọ́n fi tòmátì àti òróró ólífì pa lójú níbì kan, wọ́n á sì wo ilé àtijọ́ níbòmíràn. Ní àdúgbò Born, ọjà onírin kan wà tí wọ́n kọ́ ní ọdún 1876. Nígbà tí wọ́n gbẹ́ abẹ́ rẹ̀, wọ́n bá ìpìlẹ̀ àwọn ilé tí wọ́n wó lẹ́yìn ogun tó parí ní ọdún 1714. Láti ọdún 2013 ni gbogbo ayé ti ń wọ ibẹ̀ lọ wò ó. Kò sẹ́ni tó sanwó fún màmá Bouaké, ṣùgbọ́n iṣẹ́ kan náà ló fẹ́ ṣe.

Níbi Tí Rélùwéè Ti Gbé Èrò Dé

Ìtòsí ibùdókọ̀ rélùwéè ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ láàárọ̀. Obìnrin kan ń dín nǹkan róbótó róbótó nínú òróró gbígbóná. Gbofloto ni wọ́n ń pè é níbẹ̀. Èyí ọkùnrin nínú àwọn ọmọ náà bù ú jẹ, ó pariwo pé: "Ìyá Àgbà, pọ́fù-pọ́fù nìyí!" Màmá rẹ́rìn-ín. Ó ní orúkọ ni wọ́n yí padà, ìyẹ̀fun ò yí padà.

Bí wọ́n ṣe ń jẹ ẹ́ lọ ni màmá ń ṣàlàyé ohun tó wà níwájú wọn. Àwọn Baoulé ló ni ilẹ̀ náà. Orúkọ olóyè wọn kan, Gbêkê, ni wọ́n fi sọ abúlé tó wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀, ìyẹn Gbêkêkro, torí "abúlé" ni "kro" túmọ̀ sí lédè Baoulé. Ẹnu àwọn Faransé ló sọ ọ́ di Bouaké. Àwọn Faransé yìí náà ló bẹ̀rẹ̀ sí í fi ojú irin lélẹ̀ láti Abidjan ní ọdún 1904, ojú irin náà sì dé Bouaké ní ọdún 1912. Nígbà tó di ọdún 1934, ó ti dé Bobo-Dioulasso, ó sì wọ Ouagadougou ní ọdún 1954. Ibi tí rélùwéè bá ti dúró ni ọjà ti máa ń gbèrú. Òwú ń kọjá, obì ń kọjá, màlúù ń kọjá, àwọn oníṣòwò sì ń tẹ̀ lé e.

Màmá na ọwọ́ sí ibi tí èrò ti ń sọ̀ kalẹ̀, ó ní: "Ibí yìí ni bàbá mi ti bọ́ sílẹ̀ pẹ̀lú ìdì aṣọ kan ṣoṣo. Kò gbọ́ Faransé, kò gbọ́ Baoulé. Ẹni tó kọ́kọ́ tà á lóúnjẹ ló kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń kíni." Ọmọ tó dàgbà jù nínú wọn, obìnrin, béèrè ohun tí bàbá náà jẹ lọ́jọ́ yẹn. Màmá ní òun ò béèrè lọ́wọ́ rẹ̀ rí, ó sì dun òun.

Ọjà Tó Jóná

Láti ibẹ̀, wọ́n gba ọjà ńlá lọ. Bí ìlú náà ṣe wà láàárín gbùngbùn Côte d'Ivoire, ọ̀nà àríwá àti ti gúúsù ló pàdé níbẹ̀. Ìdí nìyẹn tí ọjà náà fi lókìkí. Ní ọdún 1998, iná sọ, ọjà jó. Àwọn oníṣòwò tú sójú títì, wọ́n ń tẹ́ igbá síwájú ilé onílé. Wọn ò tíì rí i tún kọ́ tí ogun abẹ́lé fi bẹ́ sílẹ̀ ní ọjọ́ 19, oṣù kẹsàn-án, ọdún 2002, tí àwọn ọlọ̀tẹ̀ sì sọ Bouaké di ibùdó wọn. Orílẹ̀-èdè pín sí méjì. Báńkì tì, rélùwéè dáwọ́ dúró, ọ̀pọ̀ ẹbí sì sá lọ. Ní ọjọ́ 30, oṣù keje, ọdún 2007 ni Ààrẹ Laurent Gbagbo àti Guillaume Soro, olórí àwọn ọlọ̀tẹ̀, jọ dáná sun ìbọn nínú pápá ìṣeré ìlú náà láti fi hàn pé ìjà ti parí. Ọjọ́ 22, oṣù kejìlá, ọdún 2019 ni Ààrẹ Alassane Ouattara àti Ààrẹ Emmanuel Macron ti ilẹ̀ Faransé wá fi òkúta ìpìlẹ̀ ọjà tuntun lélẹ̀. Ọdún mọ́kànlélógún ti kọjá lẹ́yìn iná náà.

Àwọn ọmọ náà ò lè fojú inú wo ọjà tó ti jóná kí wọ́n tó bí wọn. Màmá ò fi ìyẹn dà wọ́n láàmú. Ó ra attiéké àti ẹja díndín fún wọn, ó ní kí wọ́n jókòó. Èyí ọkùnrin tún pariwo pé gàrí ni. Ó kù díẹ̀ kó gbà á. Ẹ̀gẹ́ náà ni lóòótọ́. Wọ́n á bó o, wọ́n á rin ín pẹ̀lú díẹ̀ lára ẹ̀gẹ́ tó ti kan tẹ́lẹ̀, wọ́n á fún omi rẹ̀ dànù, wọ́n á jọ̀ ọ́, wọ́n á sá a díẹ̀. Ibi tó ti yà kúrò lọ́nà gàrí nìyí: wọn kì í yan án nínú agbada, ooru omi ni wọ́n fi ń sè é. Ọ̀dọ̀ àwọn ẹ̀yà tó ń gbé lẹ́bàá ọ̀sà ní gúúsù ni oúnjẹ náà ti wá, ṣùgbọ́n gbogbo orílẹ̀-èdè náà ló ń jẹ ẹ́ báyìí. Ní ọdún 2024, àjọ UNESCO fi ìmọ̀ bí wọ́n ṣe ń ṣe é kún àwọn ohun àjogúnbá aráyé.

Màmá sọ fún wọn pé lákòókò ogun, àwọn ọjọ́ kan wà tí òun ò rí owó mú jáde níbi kankan. Obìnrin tó ń ta attiéké ládùúgbò ló ń tà á ní àwìn fún òun. Ó ní: "Ọjà ti jóná, báńkì ti tì, ṣùgbọ́n obìnrin yẹn jí láàárọ̀, ó dáná." Àwọn ọmọ náà dákẹ́. Wọ́n jẹ attiéké wọn tán pátá.

Àdúgbò Àwọn Oníṣòwò Obì

Wọ́n tún rìn dé Koko, àdúgbò àtijọ́ tí àwọn Dioula pọ̀ sí. Mùsùlùmí ni wọ́n, òwò ló sì gbé àwọn baba ńlá wọn wá láti ìhà àríwá, látìgbà tí rélùwéè ò tíì sí. Wọ́n máa ń gbé aṣọ àti iyọ̀ wá sísàlẹ̀, wọ́n á sì gbé obì padà. Ọ̀nà yìí kan náà ni wọ́n gbà mú ẹ̀sìn àti ilé kíkọ́ wá. Ní Kong àti àwọn ìlú mìíràn lókè lọ́hùn-ún, mọ́sálásí alámọ̀ tí igi yọ síta lára ògiri wọn ṣì dúró. UNESCO fòǹtẹ̀ lu mẹ́jọ nínú wọn ní ọdún 2021. Ọdọọdún ni wọ́n ní láti fi amọ̀ rẹ́ irú ilé bẹ́ẹ̀, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ òjò á wẹ̀ ẹ́ lọ. Igi tó yọ síta yẹn kì í ṣe ẹ̀ṣọ́ lásán, òun ni àwọn tó ń rẹ́ ẹ máa ń gùn.

Wọ̀mì ni wọ́n jẹ ní Koko, àkàrà kékeré tí wọ́n fi ìyẹ̀fun jéró tàbí ti ìrẹsì dín, tí kò jìnnà sí màsà àwọn Hausa. Lọ́tẹ̀ yìí, ọmọkùnrin náà ò pariwo mọ́. Ó yíjú sí màmá, ó béèrè pé: "Ìyá Àgbà, ta ló mú èyí wá?" Ìbéèrè tí màmá ti ń retí láti àárọ̀ nìyẹn.

Àgbàlá Tí Wọ́n Fẹ́ Wó

Àgbàlá ni wọ́n parí ìrìn náà sí. Ọ̀pọ̀ ìlú ní Côte d'Ivoire ló ní irú ilé yìí: àwọn yàrá to yíká, ojú ilẹ̀ gbalasa wà láàárín, ẹ̀rọ omi kan ni gbogbo ilé ń lò, ìta ni wọ́n sì ti ń dáná. Kò jìnnà sí agbo ilé nílẹ̀ Yorùbá, àfi pé ẹbí kan ló máa ń ni agbo ilé, nígbà tó jẹ́ pé Baoulé, Dioula, Mossi àti Ànàgó lè jọ háyà yàrá nínú àgbàlá kan ṣoṣo.

Ọ̀rẹ́ màmá láti kékeré, tó jẹ́ Baoulé, ti gbé ìkòkò kedjenou kaná. Ó to adìyẹ, tòmátì, ata àti àlùbọ́sà sínú ìkòkò amọ̀, kò bu omi sí i, ó sì fi ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ dé e pinpin. Kì í ro ó. Bó bá yá, á gbé ìkòkò náà, á mì ín jìgìjìgì. Ohun tó bí orúkọ ọbẹ̀ náà nìyẹn. Wọ́n gún iṣu sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Foutou ni wọ́n ń pè é lọ́hùn-ún, iyán sì ni lẹ́nu ọmọ Yorùbá. Àwọn ọmọ Èkó náà gbọ́ ìró odó, wọ́n wo ara wọn lójú.

Nígbà tí wọ́n jẹun yó, èyí tó kéré jù béèrè pé: "Tí wọ́n bá wó o, níbo lẹ máa sọ pé wọ́n bí yín sí?" Màmá ò tètè dáhùn. Ó ní kí ọmọ tó dàgbà jù mú ìwé àti báírò wá, kó ya àgbàlá náà: yàrá tí bàbá òun gbé, ibi tí ààrò wà, ẹ̀rọ omi, igi máńgòrò. Ó ń sọ orúkọ àwọn tó gbé yàrá kọ̀ọ̀kan, ọmọ náà sì ń kọ ọ́.

Kì í ṣe pé bébà lè rọ́pò ilé. Àwọn ará Èkó mọ ìyẹn dáadáa. Ní Tinubu Square, ilé kan wà tí wọ́n ń pè ní Ìlójọ Bar, tí àwọn Àgùdà kọ́ ní ọdún 1855. Ìjọba sọ ọ́ di ohun ìrántí orílẹ̀-èdè ní ọdún 1956. Pẹ̀lú gbogbo òfin yẹn, wọ́n wó o palẹ̀ ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2016. Títí dòní, àwọn ọmọ Àgùdà ṣì ń fi ẹ̀wà àti wàrà àgbọn se frejon ní Good Friday. Oúnjẹ máa ń bá èèyàn rìn, á sì máa pààrọ̀ orúkọ bó ṣe ń rìn. Ilé kì í kúrò lójú kan, òun ló ń jẹ́rìí pé àwọn tó se oúnjẹ náà gbé ibẹ̀ lóòótọ́. Ọmọ tó bá mọ ọ̀kan láìmọ èkejì, àbọ̀ ìtàn ló mọ̀.

Ẹ̀yin Òbí Náà Lè Ṣe É

Kò dìgbà tí ẹ bá dé Bouaké. Ní Ìbàdàn, ẹ mú àwọn ọmọ lọ sí Gbọ̀ngàn Mápó, tí wọ́n ṣí ní ọdún 1929, kí ẹ sì jẹ àmàlà àti gbẹ̀gìrì nítòsí. Ní Èkó, ẹ wo Mọ́sálásí Shitta-Bey, tí wọ́n ṣí ní ọdún 1894, tí ọwọ́ àwọn Àgùdà hàn lára rẹ̀. Ní ìlú yín, ẹ wá ilé tó dàgbà jù ládùúgbò àti oúnjẹ tí àwọn àgbà ibẹ̀ ń pọ́n. Ibi mẹ́ta tó fún ọjọ́ kan. Ẹ jẹ́ kí ọmọ fẹnu ara rẹ̀ tọ́ oúnjẹ wò kí ẹ tó ṣàlàyé. Ẹ jẹ́ kí àgbà tó mọ ìtàn ṣáájú, kí ọmọ sì kọ orúkọ àti ọdún sílẹ̀. Bí ìbéèrè kan bá wà tí ẹ̀yin náà ò tíì bi àwọn òbí yín, ẹ bi wọ́n lọ́jọ́ yẹn.

Owó rẹ̀ ò ju owó oúnjẹ ọjọ́ kan lọ. Àkókò ló ṣọ̀wọ́n, nítorí onílé lè wó ilé rẹ̀ nígbàkigbà, àgbà tó sì mọ orúkọ àwọn tó gbé inú rẹ̀ kò ní máa wà níbẹ̀ títí láé.